Nítorí Oyè Máníjà, Mo Ta Àwọn Obìnrin Ìdí Ẹ̀rọ

Àtàǹpàkò mi ló tú àṣírí mi. Kì í ṣe ọ̀tá, kì í ṣe wòlíì, kì í ṣe àlá tí ẹnikẹ́ni lá. Àtàǹpàkò ọwọ́ ọ̀tún mi ni, tí òróró àkàrà ṣì wà lára rẹ̀.

Ẹ̀yin tí ẹ ń ka ìtàn yìí, ẹ jọ̀ọ́, ẹ má tíì bú mi. Ẹ jẹ́ kí n kọ́kọ́ ro tẹnu mi. Bí mo bá parí, tí bíbú ló kù, ẹ bú mi tán.

Orúkọ mi ni Ìtùnú. Ẹni ọdún mẹ́rìndínlógójì ni mí, Ìkàrẹ́ Àkókó ni mo sì ń gbé. Nígbà tí ọ̀rọ̀ yìí ṣẹlẹ̀, èmi ni mò ń bá ilé-iṣẹ́ Alhaja Ràfíátù ra gbogbo ohun èlò tí wọ́n ń lò. Bí ẹ bá wá sí Ìkàrẹ́, ẹ lè jẹ búrẹ́dì Alhaja, kí ẹ fi omi inú ọ̀rá Alhaja sìn ín, kí ẹ fi ọṣẹ Alhaja fọ aṣọ, kí ẹ ra epo ọkọ̀ nílé epo Alhaja, kí ẹ sì lọ sùn nínú ilé tí wọ́n fi búlọ́ọ̀kù Alhaja kọ́. Ẹ̀ka márùn-ún, ìyá kan ṣoṣo.

Ọgbọ́n tí Alhaja fi ń ṣe é kò le. Ohun tí ẹ̀ka kan bá fẹ́ dà nù, ẹ̀ka mìíràn gbọ́dọ̀ rí i lò. Eérú ibi búrẹ́dì ń lọ síbi ọṣẹ. Ọkọ̀ tó bá gbé búrẹ́dì lọ sí Ọ̀kà ò gbọdọ̀ padà lófìfo. Ìyẹ̀fun ẹ̀gẹ́ ló ń gbé bọ̀, tí wọ́n ń pò mọ́ ti búrẹ́dì.

Ọ̀dọ̀ àwọn obìnrin Ìdí Ẹ̀rọ ní Ọ̀kà ni ìyẹ̀fun yẹn ti ń wá. Ibẹ̀ náà ni mo ti dàgbà.

Ọmọ ọdún mẹ́jọ ni mí nígbà tí ìyá mi kú. Àbúrò rẹ̀, Àǹtí Zipporah, ló mú mi sọ́dọ̀. Gàrí ni Àǹtí ń yan títí mo fi gba oyè ní yunifásítì. Bí mo bá wọ ọ́fíìsì tí wọ́n ń gbọ́ òórùn lọ́fínńdà lára mi, èmi nìkan ni mo mọ èéfín tó wà lábẹ́ rẹ̀.

Obìnrin mọ́kàndínlógún ló ń ṣiṣẹ́ ní Ìdí Ẹ̀rọ, kálukú nínú ìsọ̀ tirẹ̀, lábẹ́ páànù tó so mọ́ra wọn. Àwọn kan ń rin ẹ̀gẹ́, àwọn kan ń fi jáàkì fún omi rẹ̀ dànù, àwọn kan ń yan gàrí, àwọn kan ń sá ìyẹ̀fun sóòrùn. Kànga kan ni gbogbo wọn ń fà. Bí bẹ́líìtì ẹ̀rọ ẹnìkan bá já, ìsọ̀ kejì ló máa yá a. Caleb, wẹ́dà tó ń tún ẹ̀rọ wọn ṣe, wà lẹ́nu ọ̀nà. Bó bá ti gbọ́ ìró ẹ̀rọ, ó ti mọ ibi tó ń dùn ún. Láàárọ̀, àwọn àgbẹ̀ á já ẹ̀gẹ́ sílẹ̀ láti oko Sosan. Bí obìnrin kan ò bá rà á, òmíràn á rà á. Mi ò rí i kí ẹ̀gẹ́ rà sílẹ̀ níbẹ̀ rí.

Báyìí ni nǹkan ṣe rí kí Al-Ameen tó dé.

Al-Ameen ni àkọ́bí Alhaja. Ọdún mẹ́rìnlá ló lò lẹ́yìn odi, ó kàwé nípa bí wọ́n ṣe ń darí ilé-iṣẹ́ ńláńlá, ó sì fi irùngbọ̀n tó ń dán padà wálé. Alhaja gbà á láyè kó sọ sítọ́ọ̀ símẹ́ńtì wa tó dojú kọ Ìdí Ẹ̀rọ di ilé-iṣẹ́ ìyẹ̀fun. Lẹ́yìn náà ni orúnkún Alhaja ṣe bí eré bí àwàdà, ó kọ̀ láti rìn mọ́. Wọ́n gbé màmá lọ sí Àbújá fún iṣẹ́ abẹ. Oṣù márùn-ún ni wọ́n fi wà lọ́dọ̀ ọmọ wọn obìnrin níbẹ̀.

Ọ̀sẹ̀ kan péré lẹ́yìn tí wọ́n lọ, Al-Ameen pè mí.

"Àǹtí Ìtùnú, ẹ jókòó." Ó ti ya òbírípo àti ọfà kún ara ògiri. "Gbogbo ohun tá à ń rà lóde, ká máa ṣe é fúnra wa. Ká kó gbogbo ẹ̀ka wa lọ sójú kan ní Ọ̀kà. Iná kan, omi kan, ẹnu ọ̀nà kan."

"Ó dára o, Ọ̀gá. Àwọn obìnrin Ìdí Ẹ̀rọ wá ńkọ́?"

"Wọ́n á wá ṣiṣẹ́ lọ́dọ̀ wa. Yunifọ́ọ̀mù, owó oṣù. Ṣé ìyẹn ò dáa?"

"Bí wọn ò bá fẹ́ ńkọ́?"

Ó rẹ́rìn-ín músẹ́. "Ìdí tí mo fi pè yín nìyẹn. Mo fẹ́ ẹni tó mọ inú ibẹ̀. Ta ló ń kó ẹ̀gẹ́ fún wọn? Ta ló ń tún ẹ̀rọ wọn ṣe? Kí ló so wọ́n pọ̀? Bí ẹ bá bá mi ṣe é, ẹ̀yin ni máníjà àgbà ní Ọ̀kà. Ọ́fíìsì tó ní ẹ̀rọ amúlétutù. Hilux."

Ẹ̀yin èèyàn mi, bó bá jẹ́ oyè nìkan ni, bóyá mo ti sá. Hilux yẹn ló mú mi. Ọdún mẹ́sàn-án ni mo fi gun ọ̀kadà lọ síbi iṣẹ́. Eruku Ìkàrẹ́ mọ mí, òjò Ìkàrẹ́ mọ mí. Kí n tó jáde ní ọ́fíìsì yẹn, mo ti rí ara mi tí mò ń wa ọkọ̀ náà kọjá níwájú ṣọ́ọ̀ṣì wa, tí gíláàsì wà lókè, tí mo rọra ń ju ọwọ́ sí àwọn ìyá ìjọ.

Mo sọ fún ara mi pé bí mi ò bá ṣe é, ẹlòmíràn á ṣe é. Ẹ sá fún gbólóhùn yẹn o. Kò sí ìwà ìbàjẹ́ tí kò lè gbé pọ̀n.

Lọ́jọ́ Sátidé, mo kó búrẹ́dì gbígbóná dání, ó di Ìdí Ẹ̀rọ.

"Àǹtí," mo ní, "kí lẹ ṣe táwọn àgbẹ̀ Sosan ò fi ń gbé ẹ̀gẹ́ wọn lọ síbòmíràn?"

Àǹtí Zipporah ń jọ gàrí lọ́wọ́, kò tilẹ̀ gbójú sókè. "Kí ló dé? Ṣé o tún fẹ́ padà síléèwé ni?"

"Ilé-iṣẹ́ wa ló fẹ́ mọ̀. Ó ṣeé ṣe kí wọ́n fẹ́ rà sí i."

Irọ́ àkọ́kọ́ nìyẹn. Ó yọ́ lẹ́nu mi bíi súgà.

Naomi, ẹni tí ìsọ̀ rẹ̀ sún mọ́ ti Àǹtí jù, tó sì lẹ́nu ju gbogbo wọn lọ, pàtẹ́wọ́. "Ẹ ò gbọ́ nǹkan? Ṣé mi ò sọ fún un yín pé ọmọ yìí ò ní gbàgbé ilé?"

Ni Àǹtí bá tú gbogbo rẹ̀ palẹ̀ fún mi. Akíndèjì ni olórí àwọn àgbẹ̀ Sosan. Lọ́dún tí iná jó oko rẹ̀, àwọn obìnrin yìí ló kó igi ẹ̀gẹ́ fún un tó fi gbin òmíràn. Caleb ní tirẹ̀ ò sanwó ìsọ̀, wọ́n sì ń gbé oúnjẹ ọ̀sán fún un. "Kò sí ìwé kankan láàárín àwa àti wọn," Àǹtí sọ. "Ọ̀rọ̀ ẹnu ni, ó sì tó wa."

Mo tẹ̀ ẹ́ sínú fóònù mi bó ṣe sọ ọ́. Kò sí ìwé. Ìyẹn ni pé ẹni tó bá kọ́kọ́ mú ìwé dé ló ni wọ́n.

Kí n tó lọ lọ́jọ́ náà, wọ́n fi mí kún ẹgbẹ́ WhatsApp wọn. Wọ́n tún fi mí ṣe akọ̀wé. Mo sì gbà á! Mo dúró láàárín wọn, mo kúnlẹ̀ kí wọn, mo ní ẹ ṣé é o, ẹ̀yin ìyá mi.

Kí oṣù méjì tó pé, Al-Ameen ti mú ìwé dé Sosan. Ilé-iṣẹ́ máa ra gbogbo ẹ̀gẹ́ wọn, ṣùgbọ́n wọn ò gbọdọ̀ tà fún ẹlòmíràn. Akíndèjì bi mí bóyá àwọn obìnrin mọ̀ sí i. Mo ní wọ́n mọ̀. Ó tọwọ́ bọ̀ ọ́. Lẹ́yìn rẹ̀ ló kan Caleb. A gbà á síṣẹ́, a ránṣọ iṣẹ́ aláwọ̀ búlúù fún un, a sì sọ fún un pé kò gbọdọ̀ tún ẹ̀rọ ẹlòmíràn ṣe mọ́. Mo sọ fún òun náà pé Àǹtí mọ̀ sí i.

Inú ẹgbẹ́ WhatsApp ni mo ti ń wo bí ọ̀bẹ ṣe ń wọlé.

Naomi kọ̀wé pé, "Ẹ̀gẹ́ ò wá láti ìjẹta." Mo fi àwòrán ọwọ́ àdúrà méjì ránṣẹ́.

"Ẹ̀rọ mi dákẹ́, Caleb ò sì gbé fóònù." Mo fi ọwọ́ àdúrà mẹ́ta ránṣẹ́.

"Ẹ̀yin akọ̀wé wa, ẹ bá wa bẹ ilé-iṣẹ́ yín." Mo kọ ọ́ pé, "Olúwa á dá sí i." Bẹ́ẹ̀ ni Olúwa ń wò mí.

Hilux dé. Ẹ ò ní gbà gbọ́ pé mi ò lè wà á kọjá níwájú ṣọ́ọ̀ṣì. Ẹ̀yìn ilé-iṣẹ́ ni mo ń gbé e pamọ́ sí, kí Àǹtí má baà rí i, kí ó má bèèrè iṣẹ́ tí mo ṣe tí mo fi gbà á. Mo ní ọkọ̀, ọkọ̀ náà ń fara pamọ́ bí olè.

Ọjọ́ Túsìdeè kan, bí aago mẹ́wàá àárọ̀, mo jókòó sí ọ́fíìsì mi tuntun, mò ń jẹ àkàrà. Al-Ameen kọ̀wé láti Ìkàrẹ́ pé báwo ni Ìdí Ẹ̀rọ. Ọwọ́ mi kún fún òróró, mi ò lè tẹ̀wé, ni mo bá gba ohùn sílẹ̀:

"Ọ̀gá, ẹ fọkàn balẹ̀. Wọn ò ní pẹ́ túká. Wọ́n ti ta jáàkì méjì. Àǹtí mi ló kù tó ń gbé wọn ró, mo sì mọ obìnrin yẹn dáadáa, kò lè jókòó lásán. Bó bá sú u, fúnra rẹ̀ ló máa wá tọrọ iṣẹ́ lọ́dọ̀ wa. Ẹ ṣáà bá a rán yunifọ́ọ̀mù tó tóbi o."

Mo rẹ́rìn-ín sí i. Mo tẹ̀ ẹ́ lọ.

Ẹgbẹ́ Ìdí Ẹ̀rọ ni mo tẹ̀ ẹ́ sí.

Mo rí i lójú ẹsẹ̀. Mo fẹ́ pa á rẹ́. Fóònù bi mí léèrè pé ṣé kí òun pa á rẹ́ fún gbogbo èèyàn ni tàbí fún èmi nìkan. Àtàǹpàkò olóròóró yìí ló tún lọ tẹ̀ "fún èmi nìkan". Ohùn náà pòórá lójú tèmi. Lójú àwọn mọ́kàndínlógún, ó wà digbí.

Ìṣẹ́jú márùn-ún. Ìṣẹ́jú mẹ́wàá. Mo ń gbàdúrà kí iná àti nẹ́tíwọ́ọ̀kì Ọ̀kà kú pa pọ̀.

Lẹ́yìn náà ni ohùn Àǹtí wọlé. Kò gùn rárá.

"Ìtùnú. A ti gbọ́."

Títì nìkan ló wà láàárín wa, síbẹ̀ ó ṣe mí bíi pé mo rìn dé Ọ̀wọ̀ kí n tó dé òdìkejì. Gbogbo wọn ti jókòó. Kò sí ẹ̀rọ tó ń dún. Mo kúnlẹ̀, mo sì ya ẹnu láti sọ pé kì í ṣe bí wọ́n ṣe rò ó.

Naomi na fóònù rẹ̀ sókè, ó tún ohùn náà gbé sáfẹ́fẹ́. Mo gbọ́ ẹ̀rín ara mi. Ẹ má jẹ́ kí wọ́n gbé ẹ̀rín yín sí etí yín ní irú ibẹ̀ láé.

"Ìwọ tí o ń fi ọwọ́ àdúrà ránṣẹ́ sí wa!" Naomi pariwo. "Ọwọ́ ta ni? Ọwọ́ Júdásì ni àbí ọwọ́ tìrẹ?"

Àǹtí ní kó dákẹ́. Ó yíjú sí mi.

"Ká ní o wá bá mi, kó o ní, Àǹtí, ilé-iṣẹ́ wa fẹ́ ṣe irú ohun tí ẹ̀ ń ṣe, ǹ bá sọ pé kí Ọlọ́run bù kún un. Ọjà kì í ṣe ti ẹnìkan. Ṣùgbọ́n o wá síbí, o fún mi ní búrẹ́dì, o wádìí ibi tí mo ti rọ̀."

"Àǹtí, ẹ dárí jì mí."

"O ní o mọ̀ mí, pé mi ò lè jókòó lásán." Ó wo àtẹ́lẹwọ́ ara rẹ̀. "Òótọ́ ni. Ta ni mò ń ṣiṣẹ́ fún ní gbogbo ọdún yẹn tí mi ò jókòó?"

Mo dìde, mo sọdá títì padà.

Caleb gbọ́ lọ́jọ́ kejì. Ó ká aṣọ búlúù náà mẹ́rin, ó gbé e lé orí tábìlì mi. "Ẹ ní wọ́n mọ̀ sí i," ohun tó sọ nìyẹn, ó sì bá tirẹ̀ lọ.

Ọjọ́ kẹrin sígbà yẹn, bẹ́líìtì ẹ̀rọ ńlá wa já. Ní Ìdí Ẹ̀rọ, wọn ì bá yá ti ìsọ̀ kejì. Àwa ò ní ìsọ̀ kejì. Àkúrẹ́ ò ní irú rẹ̀. Èkó la ránṣẹ́ sí. Ní gbogbo ìgbà yẹn, ọkọ̀ Sosan ń já ẹ̀gẹ́ sílẹ̀ ní àràárọ̀, nítorí ìwé tí a fún wọn sọ pé àwa nìkan ni kí wọ́n já a fún. Ẹ̀gẹ́ kì í dúró de ẹnìkankan. Ní ọjọ́ kẹta ó dúdú, ní ọjọ́ karùn-ún ó rà. Ìyẹ̀fun tó ṣẹ́kù gba òórùn, búrẹ́dì gba òórùn lára ìyẹ̀fun. Àwọn tó ń jẹ búrẹ́dì Alhaja láti kékeré bẹ̀rẹ̀ sí í dá a padà.

Akíndèjì wá bá mi. "Tẹ́lẹ̀, bí ilẹ̀kùn kan bá tì, mo máa kan òmíràn," ó ní. "Ìwọ lo kó gbogbo ilẹ̀kùn di ẹyọ kan, o sì tì í."

Bẹ́ẹ̀ la wà tí Alhaja fi dé láti Àbújá láìsọ fún ẹnikẹ́ni. Ọ̀pá wà lọ́wọ́ rẹ̀. Ẹnu ọ̀nà ló ti dúró, ó fa imú.

"Kí ló ń rùn?"

"Màámi, ìṣòro kékeré kan ni, a ti ń..." Al-Ameen bẹ̀rẹ̀.

"Mo ní kí ló ń rùn?"

"Ẹ̀gẹ́ ni, Alhaja," mo dáhùn.

Ó jókòó, ó na ẹsẹ̀ tó ń dùn ún. "Èèyàn mélòó ló ń ra ẹ̀gẹ́ àwọn àgbẹ̀ yìí tẹ́lẹ̀?"

"Mọ́kàndínlógún."

"Nísinsìnyí?"

"Àwa nìkan, Alhaja."

Ó yíjú sí ọmọ rẹ̀. "Mo ní kó o kọ́ ilé-iṣẹ́ sẹ́gbẹ̀ẹ́ wọn. Mi ò ní kó o kọ́ ọ sórí wọn. O ò mọ̀ pé ara wọn ni búrẹ́dì mi ti ń jẹun? Wọ́n ní omi, wọ́n ní wẹ́dà, wọ́n ní àgbẹ̀, wọ́n ní ara wọn, tí mi ò ná kọ́bọ̀ sí i. Ó lé lógún ọdún kí gbogbo ẹ̀ tó ṣù jọ síbẹ̀. Ìwọ wá tú u ká ní oṣù márùn-ún."

Al-Ameen tẹ orí ba. Mo rò pé ó ti parí.

"Òun ò mọ ibẹ̀," Alhaja sọ, ojú rẹ̀ wá wà lára mi. "Ìwọ ńkọ́, Ìtùnú?"

Mo bú sẹ́kún.

"Má sunkún sí mi lára. Mú kọ́kọ́rọ́ ọkọ̀ wá."

Ọ̀sán ọjọ́ yẹn kan náà ló fi ọ̀pá rìn lọ sí Ìdí Ẹ̀rọ. Ó ní kí n tẹ̀ lé òun. Kò rán agbẹnusọ, kò gbé àga lọ. Orí bẹ́ǹṣì ló jókòó sí láàárín wọn. Wọ́n fa ọ̀rọ̀ náà títí oòrùn fi rọ̀. Ibi tí wọ́n fẹnu kò sí nìyí: wọ́n máa fa ìwé àwọn àgbẹ̀ ya, kí kálukú máa tà fún ẹni tó bá wù ú. Ilé-iṣẹ́ ò ní rin ẹ̀gẹ́ mọ́, kò sì ní yan gàrí. Àwọn obìnrin ló máa rin ín, tí wọ́n máa fún omi rẹ̀ dànù. Ẹ̀rọ ńlá tiwa á wá máa gbẹ ẹ́, á sì máa lọ̀ ọ́, pàápàá nígbà òjò tí wọn ò rí oòrùn sá a sí. Iná wa á máa dé ìsọ̀ wọn. Caleb á padà sẹ́nu ọ̀nà rẹ̀, á máa tún tiwọn àti tiwa ṣe.

Nígbà tí gbogbo rẹ̀ parí, Àǹtí Zipporah dìde.

"A gbà, Alhaja. Ẹnikẹ́ni tí ẹ bá fẹ́ kó máa dúró láàárín wa, ẹ rán an wá. Kó má ṣáà jẹ́ Ìtùnú."

Ẹ̀yìn Alhaja ni mo dúró sí. Àǹtí ò wo ọ̀dọ̀ mi.

Wọ́n dá mi padà sí Ìkàrẹ́, síbi omi inú ọ̀rá. Ọ̀kadà tún di tèmi. Al-Ameen wà lẹ́nu iṣẹ́ rẹ̀, ó ti ń kọ́ bí wọ́n ṣe ń kí àgbà kó tó ya ọfà sára ògiri. Mi ò bínú sí i. Kò tan mí jẹ. Ohun tó wà nínú mi ló fi ọwọ́ kàn.

Bí ẹ bá wà nípò tí mo wà, tí ọ̀gá yín ní kí ẹ wá fi ilé yín han òun, ẹ kọ́kọ́ bi í pé kí ló fẹ́ lọ ṣe níbẹ̀. Ẹ sì bi ara yín léèrè ìdí tí ẹ ò fi lè sọ èsì náà fún àwọn ará ilé.

Láti oṣù kẹta ọdún yìí, mo ń lọ sí Ìdí Ẹ̀rọ ní gbogbo Sátidé. Mi ò mú búrẹ́dì dání. Ní Sátidé àkọ́kọ́, kò sẹ́ni tó kí mi, mo dúró lójú oòrùn títí mo fi lọ. Ìkejì, bákan náà. Ìkẹta, Naomi ju ọ̀bẹ kan síwájú mi. "Àwa ò gba òǹwòran níbí," ó ní. "Bó o bá fẹ́ jókòó, bó ẹ̀gẹ́."

Mo jókòó, mo bó o. Ọwọ́ mi ti gbàgbé, mo gé ara mi lẹ́ẹ̀mejì, àwọn kan sì rẹ́rìn-ín díẹ̀.

Ní Sátidé tó kọjá, obìnrin kan wá láti Ọ̀bà láti wá ra gàrí. Ó ń wò mí lẹ́gbẹ̀ẹ́ òkìtì èèpo, mo rò pé ojú mi jọ ti Àǹtí lójú rẹ̀. "Mama," ó bi Àǹtí, "ta nìyí?"

Ọ̀bẹ dúró lọ́wọ́ mi. Àǹtí ń jọ gàrí rẹ̀ lọ, ó jọ̀ ọ́ títí mo fi rò pé kò ní dáhùn.

"Ó wà lára àwọn tó ń bá wa bó ẹ̀gẹ́," ó ní.

Mo tẹrí ba, mo mú òmíràn, mo sì ń bó o lọ.